Sísun Sọ́séèjì Jámánì Lórí Èédú: Kí Awọ Má Bẹ́, Kí Inú Jinná, Kí Ọbẹ̀ Rẹ̀ sì Kan Bó Ṣe Yẹ

Ohun kan náà ló ń ṣẹlẹ̀ nígbà gbogbo. Ẹ ra sọ́séèjì Jámánì tó dáa, ẹ dá iná, ẹ tò ó sórí àwọ̀n irin. Kò tíì pé ìṣẹ́jú márùn-ún tí awọ rẹ̀ fi ya, ọ̀rá ń kán sínú iná, ọwọ́ iná ń là sókè, ẹ̀yìn rẹ̀ ti dúdú bí ìdí ìkòkò. Ẹ gé e wò, inú rẹ̀ ṣì pupa. Ẹ dá a padà sórí iná, ó gbẹ bí igi. Ọbẹ̀ tí ẹ fẹ́ fi jẹ ẹ́ ńkọ́? Ó dùn bí omi ṣúgà, kò ní kíkan kankan nínú.

Èmi náà ba ọ̀pọ̀ jẹ́ kí n tó mọ ohun tó ń fà á. Ọwọ́ tí mo fi ń sun súyà ni mo fi ń sun sọ́séèjì. Ẹran súyà tín-ínrín, iná líle ló bá a mu. Sọ́séèjì kò rí bẹ́ẹ̀ rárá: ẹran lílọ̀ tó ní ọ̀rá àti omi ni, tí wọ́n kì sínú ìfun. Bí iná bá le jù, omi inú rẹ̀ á hó, kò sì níbi tí yóò gbà jáde, ni á bá fọ́ awọ náà. Gbogbo iṣẹ́ tó wà nínú sísun sọ́séèjì kò ju èyí lọ: ẹ jẹ́ kí inú jinná kí ẹ̀yìn tó pọ́n.

Ohun tí ẹ máa kó jọ

Ìwọ̀n yìí tó èèyàn mẹ́rin.

Fún iná:

- Sọ́séèjì 8, tí ọ̀kọ̀ọ̀kan tó 100 sí 120 gíráàmù. Bó bá jẹ́ ti Nuremberg tó kéré bí ìka ni, ẹ ra 24, ó kéré tán.
- Èédú gbígbẹ, bíi kílò 2.
- Gíríìlì tó fẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí apá kan rẹ̀ fi lè wà láìní èédú lábẹ́. Bó bá ní ọmọrí, ó dára jù.
- Ẹ̀mú onírin gígùn. Ẹ kó fọ́ọ̀kì kúrò nítòsí.
- Tẹmómítà ẹran, èyí tó ní abẹ́rẹ́ gígùn. Kò wọ́n, òun ló sì ń fòpin sí àríyànjiyàn.
- Ìkòkò fífẹ̀ kan, abọ́ omi tútù kékeré kan, búrọ́ọ̀ṣì onírin, aṣọ ìnuwọ́ tó mọ́.
- Búrẹ́dì róbótó kékeré tí àwọn ará Jámánì ń pè ní Brötchen, àti mọ́sítáàdì.

Fún ọbẹ̀:

- Òróró, ṣíbí ńlá 2
- Àlùbọ́sà kan tó mọ níwọ̀n, tí a rẹ́ wẹ́wẹ́
- Tòmátò alágolo tó ki, ṣíbí ńlá 2
- Tòmátò lílọ̀, 400 gíráàmù
- Kọ́rì, ṣíbí ńlá kan àtààbọ̀, àti díẹ̀ sí i tí ẹ máa wọ́n sójú rẹ̀
- Páprikà, ìyẹn ata pupa tí kì í ta, ṣíbí tíì 1
- Ata gígún, ìdajì ṣíbí tíì
- Ọtí kíkan, ohun tí ọ̀pọ̀ wa ń pè ní fínígà, ṣíbí ńlá 4. Èyí tí wọ́n fi èso ápù ṣe ni mo fẹ́ràn jù, funfun náà kò burú.
- Ṣúgà, ṣíbí ńlá 2 sí 3
- Omi ẹran, 100 mílílítà
- Iyọ̀, ìdajì ṣíbí tíì

Ìpele 1: Ẹ mọ irú èyí tí ẹ rà

Inú ṣọ́ọ̀bù ni wàhálà ti ń bẹ̀rẹ̀. Oríṣi méjì ni sọ́séèjì tí wọ́n ń sun ní Jámánì. Ọ̀kan jẹ́ tútù, wọn kò tíì fi iná kàn án rárá. Èkejì, wọ́n ti bọ̀ ọ́ nínú omi gbígbóná kí ó tó kúrò lọ́wọ́ alápatà. Bí ẹ bá sun tútù bí ẹni ń sun èyí tí wọ́n ti bọ̀, inú rẹ̀ kò ní jinná. Bí ẹ bá sì sun èyí tí wọ́n ti bọ̀ bí ẹni ń sun tútù, á gbẹ.

Ẹ ka ara páálí rẹ̀. Níbi tí ẹ bá ti rí *roh*, tútù ni. Níbi tí ẹ bá ti rí *gebrüht*, wọ́n ti bọ̀ ọ́. Gbólóhùn *vor dem Verzehr durchgaren* túmọ̀ sí pé ẹ gbọ́dọ̀ sè é jinná kí ẹ tó fi kan ẹnu. *Grob* ni èyí tí ẹran rẹ̀ lọ̀ ṣákaṣàka, *fein* ni èyí tó lọ̀ kúnná.

Ẹ má fi orúkọ nìkan dá a mọ̀. Thüringer Rostbratwurst, tó máa ń gùn tó sẹ̀ǹtímítà 15 sí 20, wà ní tútù, ó sì wà ní èyí tí wọ́n ti bọ̀. Ti Nuremberg kéré gan-an, sẹ̀ǹtímítà 7 sí 9, kò ju 20 sí 25 gíráàmù lọ, ìfun àgùntàn ni wọ́n ń kì í sí, ewé marjoram ló sì ń fún un ní òórùn rẹ̀. European Union ti dáàbò bo orúkọ méjèèjì láti 2003, nítorí náà bí ẹ bá rí àmì ààbò European Union lára páálí, ohun tó wà níbẹ̀ ni orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ lóòótọ́.

Ohun tí kò yẹ kí ẹ gbé sórí èédú: Weißwurst, èyí funfun ti Bavaria, omi gbígbóná ni tirẹ̀. Wiener náà, àti ohunkóhun tí wọ́n bá kọ *Nitritpökelsalz* sí lára. Iyọ̀ tí wọ́n fi ń tọ́jú ẹran ni ìyẹn, bí iná líle bá sì kan ẹran tó ní in nínú, kẹ́míkà nitrosamine lè jáde, èyí tí kò dára fún ara. Ìmọ̀ràn tí wọ́n ń fúnni káàkiri Jámánì ni pé kí a má ṣe sun ún.

Ẹ̀yin tí ẹ kì í jẹ ẹlẹ́dẹ̀, ọ̀pọ̀ jù lọ sọ́séèjì Jámánì ẹlẹ́dẹ̀ ló wà nínú rẹ̀, ẹ má tijú láti béèrè. Rindswurst ti Frankfurt, ẹran màlúù ni, àmọ́ ẹ kọ́kọ́ wò ó bóyá *Nitritpökelsalz* wà lára rẹ̀ kí ẹ tó gbé e sórí èédú. Ṣùgbọ́n ẹran màlúù lè wà nínú ìfun ẹlẹ́dẹ̀: bí ẹ bá rí *Schweinedarm*, ẹ gbé e sílẹ̀. Màlúù nìkan kò sì sọ ọ́ di hàláàlì. Lọ́dọ̀ àwọn alápatà ará Tọ́kì ní Kreuzberg tàbí Neukölln ní Berlin, ẹ máa rí ti màlúù àti ti adìyẹ tó jẹ́ hàláàlì, ó sì dùn lórí iná.

*Ẹ yẹ̀ ẹ́ wò:* ẹ fi ìka tẹ̀ ẹ́ láti ẹ̀yìn ọ̀rá tí wọ́n fi wé e. Tútù á rọ̀, ojú ibi tí ẹ tẹ̀ á kù díẹ̀, àwọ̀ rẹ̀ á sì pupa rẹ́súrẹ́sú. Èyí tí wọ́n ti bọ̀ á le, á ta padà, àwọ̀ rẹ̀ á funfun bí eérú. Bí kò bá dá yín lójú síbẹ̀, ẹ ṣe é bí tútù.

Ìpele 2: Ọbẹ̀ ló ń ṣíwájú iná

Ẹ se ọbẹ̀ kí ẹ tó tan èédú, bó bá ṣeé ṣe kó jẹ́ lọ́jọ́ tó ṣáájú. Ọbẹ̀ kọ́rì tó sùn mọ́jú máa ń dùn ju ti ọjọ́ kan náà lọ, ẹ kò sì ní fi ojú kan ṣọ́ ìkòkò kí ẹ fi ojú kejì ṣọ́ iná.

Kíkan tí mò ń wí níbí kì í ṣe kíkan ọbẹ̀ tó ti bàjẹ́. Kíkan ọsàn wẹ́wẹ́ ni, kíkan tó ń mú kí itọ́ dà lẹ́nu. Sọ́séèjì kún fún ọ̀rá, ọ̀rá sì ń bo ahọ́n mọ́lẹ̀. Kíkan ló ń gbá ọ̀rá náà kúrò kí ẹnu lè padà mọ adùn ẹran. Ọbẹ̀ tó dùn lásán ń fi adùn lé ọ̀rá lórí ni, ìdí nìyẹn tí sọ́séèjì ẹlẹ́ẹ̀kejì fi máa ń súni.

Irú ọbẹ̀ tí wọ́n ń dà sórí Currywurst, ìyẹn sọ́séèjì ọlọ́bẹ̀ kọ́rì, ní Berlin ni. Herta Heuwer, ìyá tó bẹ̀rẹ̀ sí í tà á ní Charlottenburg ní 1949, kò fi ìdàpọ̀ tirẹ̀ han aráyé, nítorí náà oníkálukú ló ń se tirẹ̀. Èyí ni tèmi.

1. Ẹ gbé òróró sórí iná jẹ́jẹ́, nínú ìkòkò tó nípọn ní ìdí. Ẹ má lo ìkòkò àlùmíníọ̀mù lásán, torí tòmátò àti ọtí kíkan á jẹ ẹ́, ọbẹ̀ á sì máa rùn bí irin. Ẹ da àlùbọ́sà sí i, ẹ rò ó fún ìṣẹ́jú 8 títí á fi rọ̀. Kò gbọdọ̀ pọ́n.

2. Ẹ da tòmátò alágolo sí i, ẹ dín in fún ìṣẹ́jú 3. Ẹni tó bá ti dín ata ọbẹ̀ rí mọ ohun tí mò ń sọ: tòmátò alágolo tí a kò dín ní kíkan tútù kan tí kò dáa. A fẹ́ lé kíkan yẹn lọ kí kíkan ọtí tó wọlé. Nígbà tí pupa rẹ̀ bá ti ṣú bí amọ̀ pupa, tí òróró sì ń yọ létí rẹ̀, ó tó.

3. Ibi tí ọ̀pọ̀ ti ń kọsẹ̀ nìyí. Ẹ gbé ìkòkò kúrò lórí iná pátápátá kí ẹ tó da kọ́rì àti páprikà sí i. Ẹ rò ó fún ìṣẹ́jú àáyá 30, kó má jù bẹ́ẹ̀. Òróró gbígbóná ló ń jí òórùn kọ́rì, ṣùgbọ́n iná tààrà á sun ún kí ẹ tó ṣẹ́jú, á sì korò. Kò sí ṣúgà tó lè wo kíkorò yẹn sàn. Bó bá jóná, ẹ dà á nù, kí ẹ bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀.

4. Lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, ẹ da ṣíbí ńlá mẹ́ta ọtí kíkan sí i. Á pariwo, á sì dín ooru òróró kù. Ẹ fi ṣíbí onígi ha gbogbo ohun tó lẹ̀ mọ́ ìdí ìkòkò. Ẹ má tẹrí sórí rẹ̀, ooru ọtí kíkan máa ń ta ojú, á sì mú yín wúkọ́.

5. Ẹ da tòmátò lílọ̀, omi ẹran, ata gígún, iyọ̀ àti ṣíbí ṣúgà méjì sí i. Ẹ dá a padà sórí iná jẹ́jẹ́, ẹ ṣí i sílẹ̀, kó máa hó díẹ̀díẹ̀ fún ìṣẹ́jú 20. Bí ẹ bá fẹ́ kó kúnná, ẹ lọ̀ ọ́ nígbà tó bá tutù díẹ̀.

6. Ẹ sọ ọ́ kalẹ̀, kí ẹ tó da ṣíbí ọtí kíkan kẹrin sí i. Òórùn ọtí kíkan máa ń bá ooru lọ. Mẹ́ta àkọ́kọ́ ti wọ inú ọbẹ̀, èyí tó kẹ́yìn ni imú máa gbọ́. Àwọn tí wọ́n da mẹ́rẹ̀ẹ̀rin sí i lẹ́ẹ̀kan náà ló máa ń sọ pé ọbẹ̀ àwọn kò kan tó.

*Ẹ yẹ̀ ẹ́ wò:* ẹ fi ṣíbí fa ìlà ní ìdí ìkòkò. Bí ìlà náà bá dúró díẹ̀ kí ọbẹ̀ tó pa dé, ó ti ki tó. Fún adùn, ẹ fi búrẹ́dì tọ́ ọ wò, ẹ má fi ṣíbí lá a, torí ohun tó dà bí ẹni kan jù lórí ṣíbí máa ń ṣe rẹ́gí pẹ̀lú oúnjẹ. Kíkan ni kó kọ́kọ́ kàn yín, kí adùn tẹ̀ lé e, kí ata wá kù lọ́nà ọ̀fun. Bó bá kan jù, ìdajì ṣíbí ṣúgà. Bó bá dùn jù, ọtí kíkan ṣíbí tíì kan, kí ẹ tún tọ́ ọ wò. Bó bá tẹ́, iyọ̀ ló kù.

Ìpele 3: Omi gbígbóná, fún tútù nìkan

Bí sọ́séèjì yín bá jẹ́ èyí tí wọ́n ti bọ̀, ẹ fo ìpele yìí.

Àwọn ará Thuringia, agbègbè tí Thüringer Rostbratwurst ti wá, kò ní gbà pẹ̀lú mi lórí èyí. Tútù ni wọ́n ń gbé e sórí èédú, ó sì máa ń dára lọ́wọ́ wọn, torí láti kékeré ni wọ́n ti ń wo iná. Ẹni tí kò tíì mọ iná rẹ̀, kó kọ́kọ́ lo omi. Mo dúró lórí ọ̀rọ̀ yìí.

Ẹ gbé omi sórí iná pẹ̀lú iyọ̀ ṣíbí tíì kan. Ẹ dúró dìgbà tó bá gbóná tó 75 sí 80°C: ooru á máa yọ lójú omi, ìfófòó kéékèèké á lẹ̀ mọ́ ìdí ìkòkò, ṣùgbọ́n omi kò gbọdọ̀ máa yí. Ẹ kó sọ́séèjì sí i fún ìṣẹ́jú 10 sí 12. Omi tó ń hó pàkàpàkà á bẹ́ awọ rẹ̀ nínú ìkòkò, kí iná tó rí i rárá.

Ẹ má gún un. Ọ̀pọ̀ máa ń fi fọ́ọ̀kì gún un pé kó má bàa bẹ́. Ojú ihò yẹn gan-an ni yóò ti ya, ibẹ̀ náà ni omi ẹran á gbà dà sínú iná, tí ọwọ́ iná á fi là. Sọ́séèjì tí iná rẹ̀ kò le kò nílò ihò kankan.

Ẹ kó o jáde, kí ẹ fi aṣọ mímọ́ nù ún gbẹ. Awọ tó tutù fún omi kì í pọ́n, á kàn máa lẹ̀ mọ́ àwọ̀n irin ni. Láti inú omi, orí iná ló ń lọ tààrà. Ẹ má bọ̀ ọ́ lónìí ní ààbọ̀ kí ẹ wá sun ún lọ́la, torí ẹran tó jinná ní ààbọ̀ ni kòkòrò àìsàn fẹ́ràn jù.

*Ẹ yẹ̀ ẹ́ wò:* pupa rẹ̀ ti lọ, ó ti funfun bí eérú, ó sì le nínú ẹ̀mú. Bó bá ṣì ń tẹ̀ kọlọbọ, ẹ fi ìṣẹ́jú mẹ́ta kún un.

Ìpele 4: Iná

Kí n tó sọ ohunkóhun: ẹ má ṣe gbé èédú tó ń jó wọ inú ilé láéláé, yálà láti sun nǹkan tàbí láti yá iná nígbà òtútù. Gáàsì carbon monoxide tó ń tinú rẹ̀ jáde kò ní òórùn, kò ní àwọ̀, ó sì ń pa odindi ìdílé lójú oorun. Gíríìlì tí ẹ rò pé ó ti kú náà ṣì ń tú u jáde fún ọ̀pọ̀ wákàtí. Ní Jámánì, ẹ ka ìwé àdéhùn ilé yín kí ẹ tó tan èédú ní báńkónì, ọ̀pọ̀ onílé ló fòfin dè é. Nínú ọgbà ìlú Berlin, ibi tí wọ́n yà sọ́tọ̀ nìkan lẹ ti lè sun nǹkan, bí irú èyí tó wà ní Tempelhofer Feld.

Ẹ fi ohun ìtanná líle tan án. Ẹ má da bẹntiróòlù, kẹrosíìnì tàbí spirit sí i, pàápàá nígbà tí iná bá ti ràn, torí iná á gba ojú ọ̀nà yẹn padà wá bá ọwọ́ yín.

Lẹ́yìn náà, sùúrù. Ìṣẹ́jú 25 sí 30. Ìgbà tí ọwọ́ iná bá ń jó lala ló máa ń wu èèyàn láti to ẹran lé e, ìgbà yẹn gan-an ni kò yẹ. Ẹ dúró kí ọwọ́ iná kú, kí èédú di ògúnná, kí eérú funfun fẹ́ẹ́rẹ́ bo ojú rẹ̀.

Ẹ wá fi irin wa gbogbo ògúnná sí ẹ̀gbẹ́ kan, kí ẹ̀gbẹ́ kejì ṣófo. Ẹ̀gbẹ́ tó ṣófo yìí ló yàtọ̀ láàárín ẹni tó mọ̀ ọ́n sun àti ẹni tí kò mọ̀ ọ́n. Ibẹ̀ ni inú ti ń jinná, ibẹ̀ náà lẹ máa sá sí nígbà tí ọ̀rá bá gbiná. Ẹ gbé àwọ̀n irin lé e, kó gbóná fún ìṣẹ́jú márùn-ún, ẹ fi búrọ́ọ̀ṣì ha á, kí ẹ sì fi ìlàjì àlùbọ́sà tí ẹ ti bọ òróró pa á lára.

*Ẹ yẹ̀ ẹ́ wò:* ẹ na àtẹ́lẹwọ́ sókè ibi tí ògúnná wà, bíi sẹ̀ǹtímítà 12 sí àwọ̀n irin, kí ẹ máa rọra kà: ení, èjì, ẹ̀ta, ẹ̀rin, àrún. Bí ẹ bá lè dé ẹ̀rin tàbí àrún kó tó di pé ẹ fa ọwọ́ yín, iná yín dáa. Bó bá jẹ́ èjì lẹ ti sá, ó ti le jù, ẹ tẹ́ ògúnná sílẹ̀ díẹ̀ tàbí kí ẹ dúró. Bí ẹ bá ka mẹ́wàá tí ara ṣì tù yín, ẹ fi èédú kún un.

Ìpele 5: Sísun

Bàbá kan tó ń gbé ní ìsàlẹ̀ ilé wa ní Erfurt ló là mí lójú. Ó wò mí títí bí mo ṣe ń yí sọ́séèjì kiri lórí ọwọ́ iná, ló bá gba ẹ̀mú lọ́wọ́ mi, ó kó gbogbo rẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ tó tutù, ó sì fa àga kan jókòó. Ó ní iṣẹ́ ti parí, ká máa sọ̀rọ̀. Nígbà tí ọ̀rá kan kán, tí iná là, ó bọ ìka sínú bíà rẹ̀, ó wọ́n ọn sí i ní ẹ̀ẹ̀mejì, iná náà kú. Sọ́séèjì ọjọ́ yẹn, mi ò tíì gbàgbé rẹ̀.

Ètò rẹ̀ rèé:

- *Tútù tí ẹ kò bọ̀:* ẹ̀gbẹ́ tó ṣófo ni kó kọ́kọ́ wà fún ìṣẹ́jú 12 sí 15, pẹ̀lú ọmọrí lórí gíríìlì, kí ẹ yí i lẹ́ẹ̀kan láàárín. Lẹ́yìn náà, ẹ kó o sórí ògúnná fún ìṣẹ́jú 4 sí 5, kí ẹ máa yí i ní ìṣẹ́jú kọ̀ọ̀kan.
- *Tútù tí ẹ ti bọ̀, tàbí èyí tí alápatà ti bọ̀:* etí ògúnná, ìṣẹ́jú 8 sí 10, ẹ máa yí i ní ìṣẹ́jú méjì-méjì.
- *Ti Nuremberg:* ìṣẹ́jú 5 sí 6 péré, ẹ má lọ ibì kankan.

Bí iná bá là, ẹ gbé sọ́séèjì kúrò lójú rẹ̀ kí ẹ tó ṣe ohunkóhun mìíràn. Ẹ fi ìka wọ́n omi díẹ̀ sí i. Ẹ má bu omi dà á, torí eérú á fò sókè, á sì bà lé gbogbo oúnjẹ. Ẹ má fi ẹ̀mú tẹ sọ́séèjì mọ́ irin pé kó tètè jinná, adùn rẹ̀ lẹ ń fún dà nù.

Ẹ má fi ọbẹ̀ pa á lára lórí iná. Mo mọ̀ pé a máa ń fi ata àti òróró pa ẹja àti adìyẹ lára bó ṣe ń jóná lọ, ṣùgbọ́n ọbẹ̀ yìí ní ṣúgà àti kọ́rì, méjèèjì ni iná máa ń sọ di kíkorò. Inú àwo ni ọbẹ̀ àti ẹran ti ń pàdé.

*Ẹ yẹ̀ ẹ́ wò:* ẹ ti abẹ́rẹ́ tẹmómítà wọ inú rẹ̀ láti orí, ní gígùn, kí ẹnu rẹ̀ dé àárín. Ẹ má gún un ní ẹ̀gbẹ́. 71°C ni a ń wá fún ẹlẹ́dẹ̀ àti màlúù, 74°C fún adìyẹ. Ẹni tí kò ní tẹmómítà, kó fi ọ̀kan rúbọ: kó là á ní àárín, kí ó rí i pé kò sí pupa tó ń dán nínú rẹ̀, pé omi tó ń jáde sì mọ́ gaara. Àwo àti ẹ̀mú tó gbé tútù kò gbọdọ̀ gbé èyí tó jinná, àfi bí ẹ bá ti fi ọṣẹ fọ̀ wọ́n.

Ìpele 6: Àwo

Ẹ jẹ́ kó sinmi fún ìṣẹ́jú mẹ́ta kí omi inú rẹ̀ padà sáyè. Láàárín àkókò yìí, ẹ mú ọbẹ̀ gbóná.

Bí wọ́n ṣe ń jẹ ẹ́ ní Berlin: ẹ gé e wẹ́wẹ́, sẹ̀ǹtímítà méjì-méjì, ẹ da ọbẹ̀ lé e, ẹ wọ́n kọ́rì gbígbẹ díẹ̀ sójú rẹ̀. Ọ̀dùnkún díndín tàbí búrẹ́dì ló ń bá a lọ. Nílé tèmi, dòdò ló ń bá a lọ, torí adùn ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó pọ́n dáadáa àti kíkan ọbẹ̀ náà mọ ara wọn.

Bí wọ́n ṣe ń jẹ ẹ́ ní Thuringia: ẹ la Brötchen láìjẹ́ kó pín sí méjì, ẹ fi sọ́séèjì há a láàárín kí orí àti ìdí rẹ̀ yọ síta, ẹ fi mọ́sítáàdì fà á lórí. Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ní Nuremberg, mẹ́ta ni wọ́n ń kó sínú búrẹ́dì kan, *Drei im Weggla* ni wọ́n ń pè é.

Tèmi ni pé ọbẹ̀ kọ́rì bá sọ́séèjì tó kúnná mu jù. Èyí tó ṣákaṣàka, tó kún fún marjoram tàbí *Kümmel* (caraway), mọ́sítáàdì tó fún un. Ọbẹ̀ kọ́rì á bo gbogbo iṣẹ́ tí alápatà ṣe sínú rẹ̀ mọ́lẹ̀.

Bó bá ṣẹ́ kù, kó wọ fìríìjì kí wákàtí méjì tó pé, kí ẹ sì jẹ ẹ́ tán láàárín ọjọ́ mẹ́ta. Ọbẹ̀ nínú ìgò onídèrí lè lo ọ̀sẹ̀ kan nínú fìríìjì.

Bí òjò bá dé tí èédú kò ṣeé tan

Ẹ má bínú gbé e sínú páànù gbígbóná. Ní Franconia, agbègbè tí Nuremberg wà, wọ́n ní oúnjẹ kan tí wọ́n ń pè ní *Saure Zipfel*, sọ́séèjì inú omi kíkan, òun gan-an ló sì yẹ ọjọ́ òjò. Tútù ni wọ́n ń lò fún un, ti Nuremberg ló dáa jù.

Ẹ rẹ́ àlùbọ́sà ńlá mẹ́ta ní róbótó. Ẹ gbé omi 750 mílílítà kaná pẹ̀lú ọtí kíkan funfun 150 mílílítà, ewé béè méjì, kóró ata dúdú mẹ́wàá, ṣúgà ṣíbí ńlá kan àti iyọ̀ ṣíbí tíì kan. Ẹ kó àlùbọ́sà sí i, kó hó fún ìṣẹ́jú 15 títí á fi rọ̀. Ẹ wá dín iná kù kí omi má hó mọ́, kí ẹ kó sọ́séèjì sí i. Ìṣẹ́jú 15 tó fún kéékèèké, 20 fún ńlá. Òfin Ìpele 3 ṣì dúró: omi kò gbọdọ̀ yí.

*Ẹ yẹ̀ ẹ́ wò:* tẹmómítà dé 71°C, awọ sọ́séèjì sì ti ní àwọ̀ búlúù fẹ́ẹ́rẹ́ nínú omi náà. Ìdí nìyẹn tí àwọn míì ní Franconia fi ń pè é ní *Blaue Zipfel*. Ẹ bù ú sínú àwo jíjìn pẹ̀lú àlùbọ́sà àti omi rẹ̀, kí ẹ gbé búrẹ́dì tí ẹ máa fi run omi náà sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀.